Kàtúùnù Tí Kì Í Ṣe Ti Ọmọdé

Ọ̀rọ̀ tí mo fẹ́ bá yín sọ lóṣù yìí kì í ṣe ọ̀rọ̀ àmì ohùn, kì í sì í ṣe ọ̀rọ̀ òǹkà. Ọ̀rọ̀ ohun tí ojú ń wò nílé ni.

Ní ọ̀pọ̀ ilé wa ní ìlú ọba níbí, bí ìyá bá wà ní ilé ìdáná tó ń ro ọkà, tó wá gbọ́ ohùn kàtúùnù láti pálọ̀, ọkàn rẹ̀ a balẹ̀. Á ní, "Kò burú, kàtúùnù ni wọ́n ń wò." Bó bá jẹ́ pé fíìmù tí ènìyàn gidi ń ṣe ni, tó sì gbọ́ ìró ìbọn àti igbe, á ti sáré jáde tòun ti orógùn lọ́wọ́. Ṣùgbọ́n kàtúùnù? Ti ọmọdé ni. Ta ni kàtúùnù ń pa lára?

Bí a ṣe mọ̀ ọ́n nígbà tí àwa náà wà ní kékeré nìyẹn. Nísinsìnyí, oríṣi kàtúùnù kan wà tí wọ́n dìídì ṣe fún àgbàlagbà. Ìtàn àròsọ ni, nípa ẹ̀rọ, nípa ayé tí ń bọ̀, nípa iwin àti ẹ̀dá abàmì. Ẹ̀rù wà nínú rẹ̀, ẹ̀jẹ̀ wà nínú rẹ̀, ìhòòhò náà sì wà níbẹ̀. Àwọn ọmọ wa tó ti wọ ilé ẹ̀kọ́ gíga ń gbọ́ orúkọ rẹ̀ lẹ́nu àwọn ẹgbẹ́ wọn, àwọn kan sì ti wò ó. Àwa òbí ni ọ̀pọ̀ wa kò tíì gbọ́ ọ rí.

Ohun méjì ni mo fẹ́ kí ẹ mú dání kúrò nínú àpilẹ̀kọ yìí. Èkínní, kí ẹ mọ̀ ọ́n, kí ẹ lè mọ ohun tó wà lójú ọmọ yín. Èkejì, kí ẹ má kàn sọ ọ́ nù bí ohun ìríra. Ìtàn tó ń dẹ́rù bani ní iṣẹ́ tó ń ṣe láyé ènìyàn. Àwọn bàbá wa mọ̀ bẹ́ẹ̀. Ohun tí wọn kò ṣe ni pé kí wọ́n fi ọmọ sílẹ̀ lóun nìkan pẹ̀lú rẹ̀.

Irú ètò wo nìyí?

Èyí tó gbajúmọ̀ jù lọ nínú wọn ni Love, Death & Robots. Ìfẹ́, ikú àti rọ́bọ́ọ̀tì ni ìtumọ̀ orúkọ náà. Netflix gbé ìdìpọ̀ rẹ̀ àkọ́kọ́ jáde ní ọjọ́ 15 oṣù kẹta ọdún 2019, ìtàn 18 ló sì wà nínú rẹ̀. Ìdìpọ̀ kejì jáde ní 2021 pẹ̀lú ìtàn 8, ẹ̀kẹta jáde ní 2022 pẹ̀lú ìtàn 9, ẹ̀kẹrin sì jáde ní 2025 pẹ̀lú ìtàn 10. Bí a bá ro gbogbo rẹ̀ pọ̀, ó jẹ́ ìtàn 45. Tim Miller ló dá ètò náà sílẹ̀, David Fincher tó jẹ́ ìlú-mọ̀-ọ́n-ká olùdarí fíìmù ní Amẹ́ríkà sì wà lára àwọn tó ṣe agbátẹrù rẹ̀.

Ìtàn kọ̀ọ̀kan dá dúró ni. Ẹni tí ẹ rí nínú ti àkọ́kọ́, ẹ kì í sábà rí i nínú ti èkejì. Ilé iṣẹ́ ayàwòrán ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀, láti orílẹ̀-èdè ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀, ló ń ṣe wọ́n, nítorí náà wọn kì í jọra lójú. Òmíràn dà bí fọ́tò ènìyàn gidi, òmíràn dà bí ohun tí ènìyàn fi búrọ́ọ̀ṣì kùn sára ògiri. Àwọn kan kò tó ìṣẹ́jú 10, àwọn mìíràn sún mọ́ 20.

Ẹ fojú inú wo alẹ́ àlọ́. Bàbá àgbà á pa àlọ́ Ìjàpá. Bó bá parí, ìyá àgbà á mú àlọ́ ọmọ òrukàn wá. Lẹ́yìn ìyẹn, ẹlòmíràn á pa ti ọdẹ àti iwin inú igbó. Ìjàpá kò ní í wọ inú àlọ́ ọmọ òrukàn. Alẹ́ kan náà àti àwùjọ kan náà ló so wọ́n pọ̀. Bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni irú ètò yìí rí.

Kì í ṣe òní ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe irú rẹ̀ lórí tẹlifíṣọ̀n. Ní 1959, Rod Serling bẹ̀rẹ̀ The Twilight Zone ní Amẹ́ríkà. Òṣèré gidi ló wà nínú ìyẹn, kì í ṣe àwòrán tí a yà, ṣùgbọ́n ìtàn abàmì ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni wọ́n ń sọ lọ́sẹ̀ kọ̀ọ̀kan. Ní 1981, fíìmù kan tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Heavy Metal jáde. Kàtúùnù ni, ìtàn púpọ̀ ló wà nínú rẹ̀, àgbàlagbà ni wọ́n sì ṣe é fún. Fíìmù yẹn ni Miller àti Fincher fi ọdún púpọ̀ gbìyànjú láti tún ṣe. Kò bọ́ sí i fún wọn, èrò náà ló sì padà di Love, Death & Robots.

Àwòrán kọ́ ni àmì ọmọdé

Gègé tí a fi ń kọ ABD fún ọmọ, òun náà ni a fi ń kọ ìwé ìkọ̀sílẹ̀ ní kóòtù. Kò sẹ́ni tó máa rí gègé kó sọ pé, "Ti ọmọdé ni." Ohun tí a kọ ni a ó wò. Bákan náà ni yíya àwòrán tó ń rìn. Irinṣẹ́ ni. Ẹni tó bá fẹ́ fi kọ́ ọmọ ní orúkọ ẹranko á fi kọ́ ọ. Ẹni tó bá fẹ́ fi sọ̀rọ̀ ogun, ìwà ìkà àti ikú fún àgbàlagbà, á fi sọ ọ́.

Àwọn tó ń ṣe é kì í sì í ṣe aláṣedànù. Ọ̀kan nínú àwọn ìtàn ìdìpọ̀ kẹta ni Jibaro, tí Alberto Mielgo, ọmọ ilẹ̀ Sípéènì, darí. Jagunjagun kan tí kò gbọ́ràn ló pàdé obìnrin abàmì kan tó fi góòlù bo gbogbo ara, tó ń fi igbe rẹ̀ fa àwọn ọmọ ogun sínú odò. Ìtàn yẹn gba ẹ̀bùn Emmy ní 2022. Iṣẹ́ ọwọ́ inú rẹ̀ á yà yín lẹ́nu, ṣùgbọ́n ẹ̀jẹ̀ àti ìwà ipá inú rẹ̀ kì í ṣe ohun tí ọmọ ọdún mẹ́wàá lè wò kó sùn.

Ohun tó ń tan òbí jẹ ni pé ìtàn ẹ̀rín àti ìtàn ẹ̀rù wà lójú ìwé kan náà. Nínú ìdìpọ̀ àkọ́kọ́, ẹ ó rí rọ́bọ́ọ̀tì mẹ́ta tí wọ́n ń rìn kiri nínú ìlú tó ti dahoro lẹ́yìn tí ọmọ aráyé ti tán. Wọ́n ń wo ohun tí a fi sílẹ̀, wọn kò mọ ohun tí a ń fi bọ́ọ̀lù ṣe, wọ́n rí ológbò, wọ́n sì ń fi wá ṣẹ̀fẹ̀. Bí ẹ bá kọjá níbẹ̀ lásìkò yẹn, ẹ̀yin náà á rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n bí èyí bá parí, òmíràn lè bẹ̀rẹ̀ fúnra rẹ̀ láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni tẹ nǹkan kan, ìyẹn sì lè jẹ́ èyí tí ẹ̀yin gan-an kò ní í fẹ́ wò.

Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi kọ 18 sí gbogbo ètò náà ní ìlú ọba. Àwọn àmì U, PG, 12, 15 àti 18 tí ẹ ń rí lójú fíìmù, àjọ BBFC tó ti wà láti 1912 ni wọ́n wá láti ọ̀dọ̀ rẹ̀. Netflix ń lo àwọn àmì náà níbí. Àmì kékeré ni, ní igun kan lókè. Ẹ̀yin òbí, òun ni kí ẹ kọ́kọ́ wò, kí ẹ tó wo àwọ̀ mèremère tó wà lójú àwòrán.

Ìtàn méjì tí mo lè sọ fún gbogbo yín

Kí ẹ má baà rò pé ẹ̀jẹ̀ nìkan ló wà níbẹ̀, ẹ jẹ́ kí n sọ ìtàn méjì nínú wọn. Èmi ni mo ń sọ wọ́n, nítorí náà mo ti yọ egungun inú wọn kúrò fún ẹ̀yin ọmọ kéékèèké.

Èkínní ni Zima Blue. Alastair Reynolds, òǹkọ̀wé tí wọ́n bí ní Wales, tó ti ṣiṣẹ́ rí gẹ́gẹ́ bí onímọ̀ nípa ìràwọ̀, ló kọ ìtàn tí wọ́n yọ ọ́ láti inú rẹ̀. Robert Valley ló darí rẹ̀. Ayàwòrán kan wà tó ń jẹ́ Zima, tí òkìkí rẹ̀ kàn dé ojú òfurufú. Àwòrán rẹ̀ tóbi ju ilé lọ, ó tóbi ju òkè lọ. Láàárín gbogbo wọn, igun mẹ́rin aláwọ̀ búlúù kan máa ń wà, tí ń tóbi sí i láti àwòrán dé àwòrán. Kò sẹ́ni tó mọ ìtumọ̀ rẹ̀. Níkẹyìn, ó pe akọ̀ròyìn kan, ó sì sọ àṣírí rẹ̀ fún un. Zima kì í ṣe ènìyàn láti ilẹ̀. Ẹ̀rọ kékeré kan ni, tí ọ̀dọ́bìnrin kan ṣe láti máa fọ ògiri odò ìwẹ̀ ilé rẹ̀. Lẹ́yìn ikú obìnrin náà, ẹ̀rọ yìí ń ti ọwọ́ ẹnìkan bọ́ sí ọwọ́ ẹlòmíràn, oníkálukú ń fi ọgbọ́n kún ọgbọ́n rẹ̀, títí ó fi di ẹni tí gbogbo ayé ń wárí fún. Búlúù tó ń yà káàkiri, àwọ̀ táìsì odò ìwẹ̀ yẹn ni, ohun àkọ́kọ́ tí ojú rẹ̀ rí láyé. Níwájú ogunlọ́gọ̀ ènìyàn, Zima bẹ́ sínú odò ìwẹ̀ kan náà, ó tú ara rẹ̀ palẹ̀ díẹ̀díẹ̀, ó padà di ẹ̀rọ kékeré tó ń fọ táìsì, inú rẹ̀ sì dùn.

Bí mo bá rántí ìtàn yìí, àwọn Yorùbá tó ní odò kì í ṣàn kó gbàgbé ìsun ni mo máa ń rántí. Ẹ̀rọ ni ẹni tó kọ ọ́ ń sọ, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ orírun ló sọ.

Èkejì ni Good Hunting. Ken Liu ló kọ ìtàn tó bí i. Ìlú Lanzhou ní Ṣáínà ni wọ́n bí i sí, ó sì wà lọ́mọ ọdún 11 nígbà tó kó lọ sí Amẹ́ríkà. Ilẹ̀ Ṣáínà ni ìtàn náà ti bẹ̀rẹ̀. Liang jẹ́ ọmọ ọdẹ, bàbá rẹ̀ sì ń dọdẹ àwọn kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀ tó máa ń di obìnrin. Ẹ̀yin tí ẹ mọ àlọ́ ọdẹ tó rí àgbọ̀nrín tó bọ́ awọ rẹ̀ sílẹ̀ tó di arẹwà obìnrin, ẹ ó ti mọ ibi tí a dé. Liang bá ọmọ kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀ kan pàdé, Yan lorúkọ rẹ̀. Dípò kí ó pa á, ó di ọ̀rẹ́ rẹ̀. Nígbà tó yá, àwọn òyìnbó Gẹ̀ẹ́sì gbé rélùwéè àti ẹ̀rọ onísitíìmù dé. Bí irin ti ń tàn ká ilẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni agbára àtijọ́ ń gbẹ, ó sì wá ṣòro fún Yan láti padà di kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀. Àwọn méjèèjì bá ara wọn ní Hong Kong, níbi tí Liang ti di àgbà nínú iṣẹ́ ẹ̀rọ. Ayé hùwà ìkà sí Yan níbẹ̀. Ọkùnrin alágbára kan gba ara rẹ̀ lọ́wọ́ rẹ̀, ó sì fi irin rọ́pò rẹ̀. Nígbà náà ni Yan bẹ Liang pé kí ó fi irin yẹn kan náà ṣe ara kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀ fún òun. Liang ṣe é. Yan sì tún sáré lórí òrùlé ìlú lálẹ́, ó ń dọdẹ àwọn ìkà.

Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ wa, ẹ ronú sí i. A gbé Yan kúrò níbi tí agbára rẹ̀ ti wá. Ìlú tuntun kò mọ orúkọ ohun tó jẹ́. Irinṣẹ́ ìlú tuntun náà ló sì fi padà di ara rẹ̀. Mo mọ̀ pé yóò yé ẹni tó ń sọ Yorùbá nílé, tó ń sọ Gẹ̀ẹ́sì nílé ẹ̀kọ́, tó sì ń fi fóònù kọ Yorùbá sí ìyá àgbà rẹ̀ n'Ìbàdàn.

Ṣùgbọ́n bí ìtàn yìí ti dára tó, bí ẹ bá wò ó, ìhòòhò àti ìwà ipá wà nínú rẹ̀. Ìdí nìyẹn tí mo fi sọ ọ́ lẹ́nu.

Àwa náà ní ìtàn ẹ̀rù

Kò yẹ kí Yorùbá kan sọ pé ìtàn ẹ̀rù jẹ́ ohun àjèjì. Àlọ́ ta ló ń dẹ́rù bani tó ti ọmọbìnrin tó kọ gbogbo ọkùnrin ìlú, tó wá tẹ̀ lé arẹwà àjèjì kan lọ́jọ́ ọjà? Bí wọ́n ti ń lọ nínú igbó, arẹwà yìí ń dá ẹ̀yà ara tó yá padà fún àwọn tó ni ín: ó dá ẹsẹ̀ padà, ó dá ọwọ́ padà, títí ó fi ku agbárí nìkan tó ń yí lọ nílẹ̀. Amos Tutuola, ọmọ Abẹ́òkúta, fi irú ìtàn yìí sínú The Palm-Wine Drinkard, tí Faber and Faber tẹ̀ jáde ní Lọ́ńdọ̀nù ní 1952. Kí ó tó di ìgbà yẹn, D. O. Fágúnwà ti kọ Ògbójú Ọdẹ nínú Igbó Irúnmalẹ̀ ní 1938, ìwé tí iwin àti ẹbọra pọ̀ nínú rẹ̀ ju ènìyàn lọ. Wọlé Ṣóyínká tú ìwé yẹn sí Gẹ̀ẹ́sì ní 1968.

Kí wá ni ìyàtọ̀? Ìyàtọ̀ wà níbi tí ọmọ jókòó sí. Nígbà tí wọ́n bá ń pa àlọ́ agbárí, ọmọ wà láàárín àwọn ẹ̀gbọ́n àti àbúrò rẹ̀, itan ìyá àgbà kò sì jìnnà sí i. Apàlọ́ ń wo ojú ọmọ. Bí ẹ̀rù bá ti ń pọ̀ jù, á dá orin, gbogbo àwùjọ á gbè é, ọkàn ọmọ á sì padà sí ipò rẹ̀. Bí àlọ́ bá parí, wọ́n á sọ ohun tó kọ́ni. Ọmọ lè béèrè pé, "Ìyá àgbà, ṣé agbárí lè wá síbí?" Ẹnìkan á dá a lóhùn. Nínú ìwé Fágúnwà pàápàá, Àkàràògùn kò dá sọ ìtàn rẹ̀ fún ara rẹ̀. Ènìyàn ń pọ̀ sí i lọ́jọ́ kejì láti gbọ́.

Tẹlifíṣọ̀n kì í wo ojú ọmọ. Kò mọ ìgbà tó yẹ kí òun dá orin. Ọmọ tó wo ìtàn ẹ̀rù lórí fóònù lábẹ́ ìbora ní agogo mẹ́wàá alẹ́ kò ní ẹni tó máa bi ní ìbéèrè. Bó bá sì jẹ́ pé ó mọ̀ pé wọ́n á bá òun wí, kò ní í sọ ọ́ fún ẹnikẹ́ni. Á gbé e sùn, á gbé e jí. Ìyẹn gan-an ni mo ń bẹ̀rù, ju ẹ̀jẹ̀ inú àwòrán lọ.

Mọ́remí náà ti dé ibẹ̀

Ẹ má ṣe rò pé àwọn òyìnbó nìkan ló ń ṣe irú iṣẹ́ yìí. Ní ọjọ́ 5 oṣù keje ọdún 2023, Disney+ gbé Kizazi Moto: Generation Fire jáde. Fíìmù kúkúrú 10 ni, gbogbo wọn jẹ́ ìtàn ayé tí ń bọ̀ láti ilẹ̀ Áfíríkà: Nàìjíríà, Kẹ́ńyà, Ùgáńdà, Íjíbítì, Sìǹbábúwè àti Gúúsù Áfíríkà. Ilé iṣẹ́ Triggerfish ní Cape Town ló ṣáájú iṣẹ́ náà, Peter Ramsey, ọ̀kan nínú àwọn tó darí Spider-Man: Into the Spider-Verse, sì wà lára àwọn agbátẹrù. Àwọn ọ̀dọ́ ni wọ́n fẹ́ kó wò ó, kì í ṣe bíi ti Netflix tí a ń sọ bọ̀.

Ọ̀kan nínú àwọn 10 yẹn ń jẹ́ Moremi. Shofela Coker, ọmọ Nàìjíríà, ló darí rẹ̀. Ọmọkùnrin ẹlẹ́mìí kan wà nínú rẹ̀ tí àwọn òmìrán ń lé. Mọ́remí ló gbà á là, ṣùgbọ́n Mọ́remí ti ibí yìí jẹ́ onímọ̀ sáyẹ́ǹsì.

Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ kíláàsì kẹta sókè ti mọ Mọ́remí Àjàṣorò ti Ilé-Ifẹ̀. Àwọn kan ń jáde láti inú igbó, wọ́n ń kó Ifẹ̀ lẹ́rú. Aṣọ koríko ni wọ́n wọ̀, àwọn ará Ifẹ̀ sì rò pé ará ọ̀run ni wọ́n, wọ́n ń sá. Mọ́remí jẹ́ kí wọ́n mú òun lọ. Ó gbé láàárín wọn, ó sì rí i pé ènìyàn ẹlẹ́ran ara ló wà lábẹ́ koríko. Nígbà tó sá padà wálé, ó ní kí wọ́n dáná ògùṣọ̀ dè wọ́n. Koríko gbiná, ẹ̀rù sì tán. Ohun tó san fún odò Ẹsìnmìrìn lẹ́yìn ìṣẹ́gun náà ni Olúorogbo, ọmọ rẹ̀ kan ṣoṣo. Wọ́n ń rántí rẹ̀ ní Ifẹ̀ títí dòní nígbà ọdún Edì.

Ẹ ò rí i pé ìtàn ẹ̀rù ni ìtàn Mọ́remí fúnra rẹ̀? Ohun tó sì ṣẹ́gun ẹ̀rù níbẹ̀ ni pé ẹnìkan sún mọ́ ọn, ó sì wo ohun tó wà lábẹ́ rẹ̀. Bí òbí kò bá mọ ohun tí ọmọ ń wò, bí ẹni tó ń sá fún koríko ló rí. Bó bá kàn fòfin dè é láìwò ó, ó ṣì ń sá náà ni.

Kí ni ká ṣe nílé?

Ẹ̀yin òbí, ẹ ṣe profile ọ̀tọ̀ fún ọmọ kọ̀ọ̀kan lórí Netflix, kí ẹ sì fi ọjọ́ orí tó bá a mu dí i. Ẹ fi nọ́ńbà ìkọ̀kọ̀ mẹ́rin ti profile tiyín, nítorí kò sí àǹfààní nínú títi yàrá ọmọ bí ti òbí bá ṣí sílẹ̀. Ẹ lè dí ètò kan ṣoṣo pẹ̀lú orúkọ rẹ̀. Ẹ lè pa ohun tó ń mú kí èyí tó kàn máa bẹ̀rẹ̀ fúnra rẹ̀. Ẹ tún lè wo àkọsílẹ̀ ohun tí wọ́n ti wò. Orí kọ̀ǹpútà ni ó rọrùn jù láti ṣe gbogbo èyí. Ẹni tí kò bá mọ̀ ọ́n ṣe lè bi ẹ̀gbọ́n tàbí àbúrò tó mọ̀ ọ́n.

Ṣùgbọ́n àgádágodo nìkan kò tó. Ọmọ yóò dé ilé ọ̀rẹ́, fóònù yóò sì wà lọ́wọ́ ọ̀rẹ́. Bí ọmọ bá sọ fún yín pé òun ti rí nǹkan tó ba òun lẹ́rù, ẹ jọ̀ọ́, kí ohùn àkọ́kọ́ má jẹ́ "Ta ló ní kó o wò ó?" Ẹ jẹ́ kó jẹ́ "Jókòó, sọ ọ́ fún mi." Ìbáwí lè dúró di ọ̀la. Bí ẹ bá bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú ìbáwí, ọmọ kò ní í sọ ti ẹ̀ẹ̀kejì fún yín. Bí ọmọ yín bá sì ti pé 18 tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ, ẹ bi í pé èwo ló fẹ́ràn jù nínú wọn, kí ẹ jọ wò ó. Ẹ óò rí ohun bá ara yín sọ.

Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́, tiyín rèé. Ọ̀pọ̀ nínú yín rò pé Yorùbá dára fún kíkí àgbà àti fún orúkọ oúnjẹ, ṣùgbọ́n pé bí ọ̀rọ̀ bá di ti rọ́bọ́ọ̀tì àti òfurufú, Gẹ̀ẹ́sì ló ni ín. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ní kíláàsì àwọn àgbà wa, mo ní kí oníkálukú fi Yorùbá sọ ìtàn abàmì kan tó mọ̀. Ọmọkùnrin kan dìde, ó ní òun fẹ́ sọ ìtàn wàrà kíkan tó gba ìjọba. Gbogbo kíláàsì bú sẹ́rìn-ín. Love, Death & Robots ló ti wá, èyí tó kúrú tó sì kún fún ẹ̀fẹ̀, láti inú ìtàn John Scalzi. Wàrà kíkan kan di ọlọ́gbọ́n nínú ilé ìwádìí, ó ní kí wọ́n fún òun ní Ohio, ó sì fún ààrẹ ní ọ̀nà tí wọn yóò fi san gbèsè orílẹ̀-èdè, pẹ̀lú ìkìlọ̀ pé wọn kò gbọdọ̀ yẹsẹ̀ kúrò nínú rẹ̀. Wọ́n yẹsẹ̀. Ètò ọrọ̀ ajé dojú dé, wàrà sì di olórí.

Ọmọ náà kọ́kọ́ ń wá ọ̀rọ̀. Ó béèrè ohun tí wọ́n ń pe gbèsè, ó béèrè ohun tí wọ́n ń pe ìkìlọ̀. Nígbà tó dé ibi tí wọ́n ti rú òfin wàrà, ọmọbìnrin kan láti ẹ̀yìn kígbe pé, "Wọn ò gbọ́ràn, bíi ti Ìjàpá!" Kò sẹ́ni tó kọ́ ọ pé kó sọ bẹ́ẹ̀. Àlọ́ tó ti gbọ́ látẹ̀yìnwá ló fi mọ ìtàn tuntun.

Kò sí ọ̀rọ̀ inú ìwé kankan tó mú kí inú mi dùn tó ìyẹn lọ́dún yìí.

Iṣẹ́ ilé

Fún àwọn ọmọ kéékèèké: ẹ ní kí òbí yín pa àlọ́ kan tó dẹ́rù bà wọ́n nígbà tí wọ́n wà lọ́mọdé. Ẹ ya ẹranko tàbí iwin inú rẹ̀, kí ẹ mú un wá ní Sátidé.

Fún àwọn tó ti dàgbà díẹ̀: ẹ wo Moremi pẹ̀lú òbí yín, bí òbí bá ti yẹ ètò náà wò tó sì fọwọ́ sí i. Ẹ kọ gbólóhùn mẹ́wàá lórí ohun tó jọ ìtàn Mọ́remí tí a kà ní kíláàsì àti ohun tó yàtọ̀.

Fún ẹ̀yin òbí: ẹ bi ọmọ yín pé, "Kí ni ohun tó ba ọ́ lẹ́rù jù lọ tí o ti wò rí?" Ẹ fi Yorùbá bi í, kí ẹ sì ní sùúrù de ìdáhùn.

Àwọn ọ̀rọ̀ tí a lò

Àròsọ: ìtàn tí ènìyàn fi èrò ara rẹ̀ dá, tí kò ṣẹlẹ̀ lójú ayé.
Abàmì: ohun tó ṣàjèjì, tó ń ya ènìyàn lẹ́nu tàbí tó ń dẹ́rù bà á.
Ìdìpọ̀: ohun púpọ̀ tí a kó jọ sójú kan, bí ìtàn tàbí ìwé.
Agbátẹrù: ẹni tó ń ṣe onígbọ̀wọ́ iṣẹ́, tó ń rí i pé ó dé òpin.
Orírun: ibi tí ènìyàn tàbí nǹkan ti ṣẹ̀ wá.
Ògùṣọ̀: iná tí a tàn sórí igi láti fi ríran lálẹ́.
Wàrà kíkan: wàrà tí a jẹ́ kó kan, tí ẹ ń fi ṣíbí lá láàárọ̀.

Ó dìgbà kan ná. Bí ẹ bá ń bọ̀ ní Sátidé, kí àlọ́ wà lẹ́nu yín.